Lẹ́tà sí Màámi láti Kyoto: ẹni tí wọ́n pa nígbà 50,000

Màámi mi ọ̀wọ́n,

Ẹ kú ilé, ẹ kú ojú lọ́nà. Ara mi le koko. Òtútù tó fẹ́ gé mi létí jẹ lóṣù tó kọjá ti ń rọlẹ̀, owó oúnjẹ tí mo fi ránṣẹ́ á sì ti tẹ̀ yín lọ́wọ́ kí lẹ́tà yìí tó dé.

Torí ọ̀rọ̀ Àjàní ni mo ṣe mú bírò. Nígbà tí a sọ̀rọ̀ kẹ́yìn, ẹ ní ojú ń tì yín, pé fíìmù mẹ́rin ló ti ṣe, ó jalè nínú mẹ́ta, wọ́n sì yìnbọn pa á nínú mẹ́rẹ̀ẹ̀rin. Ẹ ní àwọn ará ọjà ń kí yín pé, "Ìyá Àjàní, ẹ kú ara fẹ́ra kù." Ẹ̀rín pa mí, ẹ sì fi ìbínú pa fóònù mọ́ mi létí. Ẹ má bínú.

Lọ́jọ́ ìsinmi mi, bàbá àgbàlagbà kan tí a jọ ń ṣiṣẹ́ mú mi lọ sí Uzumasa, àdúgbò kan nínú Kyoto níbí, ní Japan. Ọkọ̀ ojú irin kékeré kan tó ń gba àárín ilé kọjá ló gbé wa débẹ̀. Ibẹ̀ ni ilé iṣẹ́ Toei ti ń ya fíìmù àwọn onídà ayé àtijọ́. Láti 1975 ni wọ́n ti ṣí apá kan sílẹ̀ fún èrò ìwòran. Ilé onípákó, afárá, òpópónà tí kò ní wáyà iná, kámẹ́rà ni wọ́n kọ́ gbogbo rẹ̀ fún. Bàbá yìí ò tilẹ̀ wò wọ́n. Ìtàn ẹnì kan ṣoṣo ló gbé wá, Seizo Fukumoto.

Màámi, kíkú ni iṣẹ́ ọkùnrin yìí.

Wọ́n bí i lọ́dún 1943 ní Kasumi, ìlú apẹja létí òkun. Ọmọ ọdún 15 ni nígbà tó wọ Toei. Àwọn gbajúmọ̀ ní yàrá tiwọn níbẹ̀. Àwọn yòókù, yàrá ńlá kan ni gbogbo wọn ti ń múra, yàrá náà ni wọ́n sì fi ń pè wọ́n: òṣèré yàrá ńlá. Ibẹ̀ ni Fukumoto wà. Kirareyaku ni wọ́n ń pe irú rẹ̀, ẹni tí iṣẹ́ rẹ̀ jẹ́ kí wọ́n fi idà ṣá a. Bí gbajúmọ̀ bá fa idà yọ, àwọn ọ̀tá á rọ́ lù ú, wọ́n á máa ṣubú lọ́kọ̀ọ̀kan. Òun á wà láàárín wọn. Idà oparun ni, bébà bíi fàdákà ni wọ́n fi bò ó, ṣùgbọ́n ilẹ̀ tí wọ́n ń ṣubú lù kì í ṣe oparun.

Bó ṣe ń ṣubú ló sọ ọ́ di ẹni tí a ń sọ̀rọ̀ rẹ̀. Bí idà bá ti bà á, á tẹ̀ sẹ́yìn, àyà á kọjú sí òkè, orí á máa lọ sílẹ̀, ojú rẹ̀ á sì yí sí kámẹ́rà kó tó balẹ̀. Edé ni wọ́n fi wé e, wọ́n ń pè é ní ebizori. Ní tèmi, ọrun ọdẹ ni mo rí. Wọn ò fún un lọ́rọ̀ sọ, ìṣẹ́jú àáyá díẹ̀ náà ló sì ní kí ojú rẹ̀ fi hàn. Bàbá náà ní bí ẹni tí wọ́n ṣá ò bá mọ̀ ọ́n kú, ẹni tó ṣá a á dà bí ẹni tó ń fi abẹ̀bẹ̀ lé eṣinṣin.

Wọ́n wá ń pè é ní ọkùnrin tí wọ́n pa nígbà 50,000. Ọ̀kẹ́ méjì ààbọ̀! Èmi ò rò pé ẹnikẹ́ni jókòó kà á.

Eré tẹlifíṣọ̀n kan wà, Mito Komon, tó bẹ̀rẹ̀ ní 1969. Bàbá arúgbó kan á máa rìn láti ìlú dé ìlú bí ẹni tí kò já mọ́ nǹkan, níkẹyìn ọmọ ẹ̀yìn rẹ̀ á fa àmì ìdílé aláṣẹ yọ, gbogbo ọ̀daràn á sì wólẹ̀. Ẹ̀ bá fẹ́ràn rẹ̀. Fukumoto ṣe ọ̀daràn níbẹ̀ láìmọye ìgbà. Nígbà tí wọ́n dá eré náà dúró ní 2011, iṣẹ́ àwọn onídà Uzumasa dín kù gidigidi.

Ẹ̀yin náà mọ ojú rẹ̀ o. Ẹ rántí The Last Samurai, fíìmù Tom Cruise ti 2003 tí Àjàní wò títí sídíì rẹ̀ fi há? Jagunjagun àgbàlagbà tó ń tẹ̀lé òyìnbó yẹn kiri láìsọ̀rọ̀, òun ni. Wọ́n sì pa á níbẹ̀ náà: ó fara gba ọta ìbọn tí ì bá ba òyìnbó.

Ó ti lé ní 70 ọdún kó tó di olórí òṣèré nígbà àkọ́kọ́, nínú Uzumasa Limelight ti 2014, ìtàn àgbà onídà tí iṣẹ́ ń bọ́ lọ́wọ́ rẹ̀. Ní àjọ̀dún fíìmù Fantasia ní Montreal, wọ́n fún un ní ẹ̀bùn òṣèrékùnrin tó dára jù lọ. Ọjọ́ kìíní ọdún 2021 ló kú, lẹ́ni ọdún 77. Kò sí kámẹ́rà níbẹ̀ lọ́tẹ̀ yìí.

Mi ò ní Àjàní á dà bíi rẹ̀ o. Mo wo fíìmù tó fi ránṣẹ́ sí mi. Ìṣubú yẹn ò dáa: ó kọ́kọ́ fi ọwọ́ wá ilẹ̀, bí ẹni tó ń wá ibi tí kò sí ẹrẹ̀. Ẹ bá mi sọ fún un pé kó yé fọwọ́ wá ilẹ̀. Mo fi díẹ̀ kún owó oúnjẹ. Ti fóòmù ni, kó tẹ́ ẹ sí ẹ̀yìnkùlé kó máa fi dánra wò. Ẹ jọ̀ọ́, ẹ má fi ra aṣọ ẹbí.

Bí àwọn ará ọjà bá sì tún kí yín kú ara fẹ́ra kù, ẹ sọ fún wọn pé ó ti jí, ó wà nílé, ó ń jẹ ẹ̀bà.

Èmi ni ọmọ yín,
Àkànní