Lẹ́tà sí Bàbá Láti Norwich

Bàbá mi,

Ẹ kú ilé, ẹ kú iṣẹ́. Màámi ní ojú ń dùn yín, pé Kọ́lá ló ń bá yín yọ́ wúrà báyìí. Ẹ jẹ́ kó máa yọ́ ọ lọ. Ohun tí mo rí ní Sátidé ló jẹ́ kí n kọ̀wé, torí ẹ̀yin ló wá sí mi lọ́kàn.

Mo lọ sí mùsíọ̀mù tó wà nínú ilé ọba àtijọ́ lórí òkè, láàárín ìlú Norwich níbí, nílẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì. Pẹ́ńdáǹtì wúrà kan, ohun ọ̀ṣọ́ tí wọ́n ń so rọ̀ sọ́rùn, wà níbẹ̀ tó tó ìdérí agolo mílíìkì. Òkúta pupa wẹ́wẹ́ tí wọ́n ń pè ní gánẹ́ẹ̀tì ló kún ojú rẹ̀, ọgọ́rọ̀ọ̀rún wọn. Alágbẹ̀dẹ yẹn fi wúrà pẹlẹbẹ mọ ilé kéékèèké, ó wá ń rẹ́ òkúta títí tí ọ̀kọ̀ọ̀kan fi wọ ilé tirẹ̀ láìjò. Àwọn kan, ẹranko tó lọ́ mọ́ra ni wọ́n rẹ́ wọn sí. Bí ẹ ò bá tẹjú mọ́ ọn, ẹ ò ní mọ̀ pé ẹranko ni. Láyé àwọn Anglo-Saxon, àwọn tó ń gbé ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì láyé àtijọ́, rèé o, láàárín 650 sí 675, tí kò síná mànàmáná!

Obìnrin kan ni wọ́n sin pẹ̀lú pẹ́ńdáǹtì yìí. Wọ́n tún fi owó wúrà méjì láti ilẹ̀ àwọn Frank (ibi tí ilẹ̀ Faransé wà lónìí) ṣe pẹ́ńdáǹtì sí i lọ́rùn. Orúkọ ọba Sigebert Kẹta tó wà lára owó náà ni wọ́n fi mọ ìgbà tí obìnrin náà kú.

Ọmọ yunifásítì kan ló rí ibi tí wọ́n sin ín sí ní December 2014, nínú oko ní abúlé Winfarthing, pẹ̀lú ẹ̀rọ tó máa ń ké bó bá ti kan irin. Abọ́ idẹ ló kọ́kọ́ bá pàdé. Bó ṣe rí i pé sàréè ni, kò walẹ̀ mọ́, ó ránṣẹ́ pe àwọn awalẹ̀pìtàn. Ibẹ̀ ni mo ti fẹ́ràn ọmọ yẹn. Ta ni nínú wa ló máa rí wúrà lẹ́nu ihò tí ọwọ́ ò ní yún?

Ẹ bá mi sọ fún Kọ́lá, tó ní kí n ra ẹ̀rọ náà fóun. Lábẹ́ òfin ìṣúra ti 1996 níbí, ọjọ́ 14 péré lẹ́ni tó bá rí ìṣúra ní láti sọ fún kọ́rónà, ẹni kan náà tó ń wádìí ikú òjijì (èmi náà rẹ́rìn-ín). Wọ́n díye lé pẹ́ńdáǹtì náà ní £145,000, ẹni tó rí i àti olóko ló pín in. Àwọn méjì kan tó kó ìṣúra pamọ́ ní Herefordshire, nílẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì níbí, ńkọ́? Ẹ̀wọ̀n ni wọ́n lọ ní 2019.

Fọ́tò méjì wà nínú àpò ìwé yìí. Ẹ sọ fún mi, kí lẹ̀yin ò bá fi rẹ́ òkúta tó kéré tó hóró ìrẹsì? Mo rò ó títí mo fi délé.

Owó awò ojú yín wà lọ́wọ́ Màámi. Ẹ jọ̀ọ́, ẹ má fi ra èédú.

Ọmọ yín,
Bùkọ́lá