Ẹ Kú Àdúrótì: Ìdúpẹ́ Lórí Ìgbéyàwó Màmá Wa

Ọpẹ́ ni fún Ọlọ́run, ó ti parí, ọkàn wa ti wá balẹ̀. Ẹ̀yin ẹbí, ará, ọ̀rẹ́ àti alábàágbé, ẹ kú ìnáwó, ẹ kú ẹsẹ̀. Ẹ ò jẹ́ kí ojú ti ìyá wa.

Gbogbo yín lẹ mọ ohun tí wọ́n ń sọ kiri kí ọjọ́ náà tó pé. Wọ́n ní kí ni opó tó ti rí ọmọ-ọmọ tún ń wá nílé ọkọ. Àwọn tó fẹ́ràn wa pàápàá ní ká rọra lọ ṣe é lọ́nà jíjìn, kí orúkọ ilé má bàa bàjẹ́. Màmá ní àwọn ò jalè, àwọn ò ní í torí ẹnu ayé lọ ṣe ìgbéyàwó ní kọ̀rọ̀. Ká sòótọ́, àyà àwa ọmọ ń já. Láàárọ̀ ọjọ́ náà, ẹnu ọ̀nà là ń wò.

Àbúrò Bàbá wa olóògbé ló kọ́kọ́ wọlé. Àǹtí, kí la fẹ́ sọ? Ẹ di Màmá lọ́wọ́ mú, ẹ tún ìborùn tó ń yọ̀ léjìká wọn ṣe, ẹ wá sọ ọ́ ketekete pé, "Ìyàwó wa ni. Ó tọ́jú ẹ̀gbọ́n mi títí wọ́n fi kú. Ẹni tó bá fẹ́ sọ̀rọ̀, kó wá bá mi." Ibẹ̀ ni ẹnu ti wọhò. Ẹkún ayọ̀ ni gbogbo wa ń sun. Àǹtí, ẹ ó pẹ́ fún wa, ẹ ò ní í fojú sunkún ọmọ.

Alábàágbé wa tó ṣí àgbàlá sílẹ̀ nígbà tí òjò ṣú, ẹ ṣeun. Ẹ̀yin ọ̀dọ́ tó gbé àga, ẹ̀yin tó dáná, ẹ̀yin olórin, ẹ̀yin tó fowó ránṣẹ́, a dúpẹ́ o. Ẹbí ọkọ ìyá wa, tọwọ́tẹsẹ̀ lẹ fi gbà wọ́n.

Ẹ̀yin tí ẹ ti ní ẹ ò ní í yọjú, tí ẹ sì padà wá, inú Màmá dùn sí yín púpọ̀. Títí di òní ni wọ́n ń bi wá bóyá ẹ jẹun yó.

Ẹni tí a ò bá dárúkọ, ẹ jọ̀ọ́, ẹ má bínú, kì í ṣe àìmoore. Ẹ̀yin tí ẹ ò ríbi jókòó, ẹ̀yin tí oúnjẹ ò kàn, ẹ̀yin tí a ò rí sìn sọ́nà, ẹ forí jì wá.

Olúwa á ṣe tiyín náà. Ẹni tó ń dá gbé láàárín yín, Ọlọ́run á fún un ní alábàárò. A ò ní í fi ọ̀fọ̀ san án fún ara wa. Ayọ̀ la ó máa bá ara wa yọ̀. Àmín.

Àwa ọmọ Màmá, lórúkọ gbogbo ẹbí.