Àjàní, jẹ́ kí wọ́n yẹ ọkàn rẹ wò

Ìkirè,
Alẹ́ ọjọ́ Ajé.

Kọ́láwọlé ọmọ mi, Àjàní,

Ṣé dáadáa lo wà? Ìyàwó rẹ ńkọ́, àwọn ọmọ ńkọ́? Àwa náà wà, a dúpẹ́. Ọwọ́ ara mi ni mo fi kọ lẹ́tà yìí, n kò jẹ́ kí Bísí bá mi tẹ̀ ẹ́ sórí Wásáàpù bó ti máa ń ṣe. Ìyàwó Dèjì ń padà sí Maryland lọ́jọ́ Sátidé, ó ní òun yóò fi ránṣẹ́ sí ọ bí òun bá débẹ̀. Tó o bá gbà á, má kà á níbi iṣẹ́. Dé ilé ná, kó o jókòó.

Ó pẹ́ tí a ti gbóhùn rẹ gbẹ̀yìn. Mo pè, kò wọlé. Bísí pè, o ní wàá pè é padà, a ò gbọ́ nǹkan kan. Mo ti ń rò ó pé owó páànù tí mo bèèrè ló ń lé ọ sá, mo tilẹ̀ ti fẹ́ ní kó o fi sílẹ̀. Àfi bí Ìyá Dèjì ṣe gbé fóònù ká mi mọ́ iwájú ṣọ́ọ̀ṣì lẹ́yìn ìsìn, lójú gbogbo ìjọ, tó ní, "Màmá Kọ́lá, ẹ wá wo ọmọ yín." Mo wò ó. Àká ńlá kan ń jó, iná ti gba òrùlé, ìwọ náà dúró níwájú rẹ̀, o dé akoto funfun, ò ń nawọ́ sí àwọn èèyàn pé kí wọ́n gba ibí, kí wọ́n gba ọ̀hún. Àwọn obìnrin bẹ̀rẹ̀ sí í pàtẹ́wọ́ fún mi: "Ìyá Ọ̀gá Panápaná!" Mo rẹ́rìn-ín. Kí ni ǹ bá ṣe? Ṣùgbọ́n kí n tó délé, mo ti jókòó sínmi lẹ́ẹ̀mejì lójú ọ̀nà.

O ò sọ fún mi pé o ti di ọ̀gá wọn. Mo mọ̀ pé ò ń bá wọn lọ. O ti fi ṣàwàdà lọ́jọ́ kan pé ìlú yín ní Pennsylvania kéré, kò sí panápaná tí ìjọba ń sanwó fún níbẹ̀, pé ẹ̀yin ará ìlú, tíṣà, àgbẹ̀, mẹkáníìkì, lẹ máa ń dìde bí iná bá sọ. Mo ní ṣé wọ́n ń fún yín ní nǹkan? O ní kọ́bọ̀ kò sí, pé ẹ̀yin fúnra yín lẹ ń dín ẹja, tí ẹ ń sun adìyẹ tà, kẹ́ ẹ lè rí owó ṣàtúnṣe ọkọ̀ omi. Mo ní kí ló wá dé tí o fi ń ṣe é? Lo bá bẹ̀rẹ̀ sí í kọ́ mi níwèé: láti 1736 ni wọ́n ti ń ṣe é, Benjamin Franklin ló kó àwọn kan jọ ní Philadelphia, títí dòní àwọn panápaná ọ̀fẹ́ ló pọ̀ ju àwọn tó ń gbowó lọ ní Amẹ́ríkà. Ṣé Franklin tí orí rẹ̀ wà lára ọgọ́rùn-ún dọ́là nìyẹn? Òun wà lórí owó, ẹ̀yin wà nínú èéfín.

Má bínú. N kò kọ̀wé láti fi ọ́ ṣe yẹ̀yẹ́. Fọ́tò tí ìyàwó rẹ fi ránṣẹ́ ní October tó kọjá, èyí tó o ti gbé gbogbo aṣọ iná wọ̀, tó o da ìbòjú bojú, tí ò ń rákò láàárín àwọn ọmọ jẹ́lé-ó-sinmi kí wọ́n lè mọ̀ pé kì í ṣe iwin ló ń bọ̀, kí wọ́n má baà sá pamọ́ sábẹ́ ibùsùn fún ẹni tó wá gbé wọn, Bísí ti bá mi tẹ̀ ẹ́ jáde. Ó wà lára ògiri pálọ̀. Tíṣà gidi ni ọ́. N kò sọ pé o kì í ṣe tíṣà gidi.

Ìyàwó rẹ ló sọ ìyókù fún mi. Má bá a jà, èmi ni mo fọ̀rọ̀ wá a lẹ́nu wò. Ó ní ẹ̀rọ kékeré kan wà lẹ́gbẹ̀ẹ́ ibùsùn yín tó máa ń ké lóru, kí òun tó lajú tán o ti dé ẹnu ọ̀nà. Ó ní aṣọ yẹn pẹ̀lú àgbá atẹ́gùn tí ẹ ń gbé pọ̀n lé ní ogún kílò, pé atẹ́gùn tí wọ́n ní yóò tó ọgbọ̀n ìṣẹ́jú kì í tó bẹ́ẹ̀ bí èèyàn bá ń ṣiṣẹ́ agbára tó ń mí hẹlẹ. Ó ní lọ́jọ́ iná àká yẹn, ilẹ̀ mọ́ kó o tó wọlé. O wẹ̀, o mu kọfí, o wọ táì, o gba iléèwé lọ kọ́ ọmọ ọlọ́mọ ní kẹ́mísìrì.

Ibẹ̀ ni mo ti ní kó dákẹ́ ná.

O wẹ̀, o wọ táì, o gba iléèwé lọ. Àjàní, ọ̀rọ̀ yẹn ni kò jẹ́ kí n sùn láti ọjọ́ náà.

Iná náà ń bà mí lẹ́rù o, n kò ní purọ́. Ṣé o rántí Sístà Henrietta Alokha, ọ̀gá iléèwé Bethlehem Girls' College ní Abúlé-Adó, nígbà tí ilẹ̀ bú gbàmù lọ́jọ́ Àìkú yẹn ní March 2020? Ó rí i pé àwọn ọmọ jáde, òun fúnra rẹ̀ kò yè é. Mo sunkún bíi pé a jọ ṣiṣẹ́ pọ̀ rí. Bísí tún ka ti ìlú kan fún mi ní Texas, West ni wọ́n ń pè é. Ní 2013, ilé tí wọ́n ń kó ajílẹ̀ sí gbiná, àwọn panápaná ọ̀fẹ́ ìlú náà sáré débẹ̀, ó bú mọ́ wọn. Èèyàn 15 ló kú, àwọn tó sáré wá ṣèrànwọ́ ló sì pọ̀ jù nínú wọn. Ajílẹ̀ tí àwa náà ń fọ́n sí ìdí àgbàdo! Ìlú àgbẹ̀ ni tìrẹ. Máa bèèrè ohun tó wà nínú ilé kó o tó rán ọmọ ẹlòmíì wọlé, torí ọrùn ọ̀gá ló máa ń wà.

Ṣùgbọ́n èyí tó gún mi jù, Bísí kò mọ̀ pé ó gún mi. Ó ń já ewé ẹ̀fọ́, ó kàn ń sọ ọ́ lọ ni, o mọ àwọn nọ́ọ̀sì. Ó ní nínú àwọn panápaná Amẹ́ríkà tó ń kú sẹ́nu iṣẹ́, kò sí ohun tó ń pa wọ́n tó ọkàn. Ó ní èèyàn á wà lójú oorun, ẹ̀rọ á ké, ọkàn tó ń sinmi á déédéé bẹ̀rẹ̀ eré, ooru á dé sí i, ẹrù á wà lẹ́yìn. Ó ní ìgbà mìíràn wà tí ẹni náà á ti pa iná tán, á ti délé, kó tó ṣubú.

Kí n tó gbàgbé, ewúrẹ́ dúdú yẹn ti bímọ, méjì ni. Tiránsífọ́mà àdúgbò tún ti bàjẹ́, wọ́n ń dáwó. Mo ti gbé gáàsì kúrò nínú ilé ìdáná bó o ṣe wí, ó ti wà níta lẹ́yìn ògiri. Lọ́jọ́ kan, epo gbaná lórí ààrò Ìyá Aládòdò, agbada tí wọ́n fi ń dín dòdò Ìkirè gan-an, iná ń ga bọ̀ lókè. Ọmọ rẹ̀ ti bu omi. Mo pariwo pé má dà á! Mo gba ìdérí ìkòkò ńlá, mo fi bo agbada náà láti ẹ̀gbẹ́, mo ní kí wọ́n fa igi jáde. Ó kú. Gbogbo wọn ń wò mí. Mo ní ọmọ mi ló kọ́ mi pé bí omi bá kọjá sísàlẹ̀ epo gbígbóná, á di oru lójú ẹsẹ̀, á sì fọ́n epo oníná sí ojú gbogbo ẹni tó dúró. Mo fi ọ́ yangàn. Lọ́sẹ̀ kan náà tí mò ń gbé ọ ṣépè nínú yàrá mi pé o ò pè.

Òwe wa ní bí iná bá ń jóni, tó ń jó ọmọ ẹni, ti ara ẹni là á kọ́kọ́ gbọ̀n dànù. Bàbá rẹ kórìíra òwe yẹn. Ó máa ń ní ẹni tó pa á kò bímọ.

Mo ti kọ ibí yìí tẹ́lẹ̀, mo fà á ya. Mò ń tún un kọ.

Ibà kọ́ ló pa bàbá rẹ.

Iléèwé lo wà ní Ifẹ̀ nígbà tí wọ́n wá mú ọ, wọ́n ní ibà ni, ó kì í mọ́lẹ̀ lójijì. Àwọn ẹbí rẹ̀ ní ayé ni, pé ẹni tó ń wá ipò ọ̀gá iléèwé lọ́wọ́ rẹ̀ ló ṣe é. O ṣáà rántí bí àǹtí rẹ ṣe pariwo nídìí òkú. Mo dákẹ́. Ó rọ̀ mí lọ́rùn kí wọ́n máa di ẹ̀bi náà ru ẹlòmíì.

Sọ́mìlì ẹ̀bá ọ̀nà Ìbàdàn ló gbiná lóru ọjọ́ náà. Ọyẹ́ ni, gbogbo nǹkan gbẹ. Ọkọ̀ panápaná kò dé, bàbá rẹ sì ni alága ẹgbẹ́ onílé, bí ohunkóhun bá ṣe lóru, ilẹ̀kùn wa ni wọ́n máa ń kàn. Wọ́n ń fa omi nínú kànga, wọ́n ń gba korobá láti ọwọ́ dé ọwọ́, wọ́n ń bu iyẹ̀pẹ̀ lù ú. Ilẹ̀ ti ń mọ́ kó tó wọlé. Ó ní àyà ń fún òun, pé apá òsì òun wúwo. Mo ní korobá tó ń gbé ni. Olùbẹ̀wò ń bọ̀ ní iléèwé wọn láàárọ̀ yẹn, wọ́n sì ti fi kúẹ́rì bá a rí nítorí wàhálà ìlú, ẹ̀rù ń bà mí kó má tún pẹ́. Èmi ni mo gbé omi gbígbóná sí balùwẹ̀. Èmi ni mo bá a so táì rẹ̀, torí ọwọ́ rẹ̀ ń gbọ̀n, mo sì rí i pé ó ń gbọ̀n. Ó lọ. Orí ìlà ni àwọn ọmọ wà, wọn ò tíì kọ orin orílẹ̀-èdè tán nígbà tó ṣubú.

Ó sì ti mọ̀ pé òun ní ẹ̀jẹ̀ ríru. Èmi náà mọ̀. Dókítà ti sọ fún wa, ó fún un lóògùn. Ó kọ́kọ́ ń lò ó dáadáa, nígbà tó yá ó di ìgbà tí owó bá wà, nígbà tó tún yá ó ní ara òun le. Owó iléèwé rẹ wà nínú ohun tí a ń fi owó yẹn ṣe. N kò sọ ọ́ kó o lè ru ẹ̀bi, ọmọdé ni ọ́, ìwọ kọ́ lo rán an. Èmi tí mo dàgbà, tí mò ń rí ike oògùn tó ṣófo lórí fèrèsé, èmi ló yẹ kí n pariwo. Ó ní kí n má sọ fún ẹnikẹ́ni. N kò sọ.

Ọmọ ọdún 49 ni. Ìwọ náà á pé é ní October.

Nígbà tó o fẹ́ wọ ẹgbẹ́ panápaná yẹn, o pè mí. O ní fọ́ọ̀mù dókítà wà lọ́wọ́ rẹ, wọ́n ń bèèrè bóyá a ní àìsàn ọkàn nínú ìdílé. Mo ní rárá. Mo tún ní Ọlọ́run má jẹ̀ẹ́. Ohun tó o kọ síbẹ̀ nìyẹn, irọ́ sì ni, ẹnu mi ló ti jáde.

Nítorí náà, padà lọ bá dókítà. Wí fún un pé bàbá mi kú ní 49, ọkàn ló pa á, ó ní ẹ̀jẹ̀ ríru, ìyá mi ló sọ fún mi. Kí wọ́n so ẹ̀rọ mọ́ ọ láyà, kí wọ́n ní kó o rìn lórí èyí tí ń yí nílẹ̀ bí Bísí ṣe wí, kí wọ́n wo ọ̀rá inú ẹ̀jẹ̀. Bí wọ́n bá fún ọ lóògùn, lò ó nígbà tí ara bá le, lò ó nígbà tí kò bá le. Lálẹ́ àná mo ti kọ ọ́ sílẹ̀ pé kó o fi akoto funfun yẹn sílẹ̀. Mo fagi lé e. Ta ni yóò gbọ́? Nínú fídíò yẹn, ẹsẹ̀ òsì lo fi síwájú, bí bàbá rẹ ṣe máa ń dúró níwájú àwọn ọmọ gẹ́lẹ́. Ṣùgbọ́n bí iná bá mọ́jú mọ́ ọ lọ́wọ́, má lọ síléèwé lọ́jọ́ náà. Wọ́n á rí ẹlòmíì tó máa dúró fún ọ. Jẹ́ kí ẹ̀rọ tí ń ké yẹn sùn lọ́dọ̀ igbákejì rẹ láwọn alẹ́ kan. Aṣọ iná yẹn, má gbé e wọlé bá àwọn ọmọ, Bísí ní láti 2022 ni àwọn onímọ̀ àgbáyé ti ka iṣẹ́ panápaná sí iṣẹ́ tí ń fa jẹjẹrẹ. Bí àyà bá sì fún ọ, ì báà ṣe díẹ̀, má jẹ́ kí ẹnikẹ́ni sọ fún ọ pé korobá ni.

Ti owó páànù, bí kò bá sí, má yá a. Yàrá kan ṣoṣo ló ń jò, mo ti sún ibùsùn kúrò níbẹ̀. Bó bá sì wà, tètè fi ránṣẹ́, wọ́n ti fi owó lé páànù.

Bísí kò tíì mọ ohun tí mo kọ yìí. Ọmọ bàbá kan náà lẹ jẹ́, òun náà gbọ́dọ̀ mọ̀. N ó sọ fún un lọ́jọ́ Àìkú lẹ́yìn oúnjẹ, má pè é ṣáájú mi. Èmi ni kó o kọ́kọ́ pè. Bó bá jẹ́ ìbínú lo fẹ́ bí, bí i sí mi létí, n kò ní pa fóònù.

Kí ìyàwó rẹ àti àwọn ọmọ fún mi.

Èmi ni,
Màmá rẹ.