Ẹ̀yin tẹ́ ẹ ń ya fíìmù bọ́ọ̀lù sẹ́ẹ̀tì, ẹ má gé ariwo wa kúrò

Olóòtú wa, ẹ kú iṣẹ́ ìròyìn o. Ọmọkùnrin kan ládùúgbò wa ní Muṣin ló fi fóònù ya bọ́ọ̀lù sẹ́ẹ̀tì wa, ìyẹn bọ́ọ̀lù tá a máa ń gbá lójú títì, lọ́jọ́ Sọ́ńdè kan, inú mi dùn sí i gan-an, àmọ́ ìgbà tó máa fi gbé e jáde, gòólù nìkan ló kù níbẹ̀, ó ti fi orin bo ohùn gbogbo wa mọ́lẹ̀. Ó dùn mí o.

Tẹ́ ẹ bá gé ariwo kúrò, kí ló wá kù nínú sẹ́ẹ̀tì? Òkúta méjì la fi ń ṣe póòsì, ẹnì kan á fẹsẹ̀ wọn àárín ẹ̀, àwọn tó kù á pariwo lé e lórí pé ìṣísẹ̀ ẹ̀ ti gùn jù, kó tún un wọ̀n. Bọ́ọ̀lù á gba orí òkúta kọjá, àwọn kan á ní ó wọlé, àwọn kan á ní ó ga jù, eré á dúró, kódà wọ́n á ní kí ìyá tó ń ta píọ́ wọ́tà wá jẹ́rìí. Mọ́tò bá sì fẹ́ kọjá a ó gbé òkúta kúrò, a ó dá a padà, ni ìjà ẹsẹ̀ wíwọ̀n bá tún bẹ̀rẹ̀.

Ẹ wo Stacy Peralta ní Amẹ́ríkà. Kó tó di dáírẹ́kítọ̀, òun fúnra ẹ̀ ń gun skateboard, pátákó onítáyà kékeré téèyàn ń dúró lé lórí, ọ̀kan lára àwọn ọmọ Zephyr ni, ẹgbẹ́ àwọn tó ń gun skateboard ní Santa Monica. Láti 1984 ló ti ń ya fídíò skateboard, ìgbà tó sì ṣe Dogtown and Z-Boys, fíìmù nípa ẹgbẹ́ wọn yẹn, ní 2001, ibi tí mo fẹ́ràn jù ni ti ọ̀dá tó mú Kalifóníà ní 1976 sí 1977, tí púùlù ìlúwẹ̀ẹ́ àwọn onílé gbẹ, táwọn ọmọ yìí ń fo fẹ́ǹsì onífẹ́ǹsì lọ gun skateboard nínú kòtò ẹ̀, tọ́lọ́pàá bá dé wọ́n á fẹsẹ̀ fẹ. Ẹlòmíì ì bá kàn ya bí wọ́n ṣe ń fò sókè. Ṣùgbọ́n Peralta wà níbẹ̀, ó mọ̀ pé kòtò gbígbẹ yẹn ló kọ́ wọn bí wọ́n ṣe ń gun skateboard bẹ́ẹ̀.

Àwọn ọmọ wa náà wà níbẹ̀, àwọn náà ń gbá a. Ẹ jọ̀ọ́ olóòtú, ẹ bá mi sọ fún wọn kí wọ́n gbé fóònù sún mọ́ ibi táwọn èèyàn ti ń jiyàn, kí wọ́n bi àwọn bàbá tó ń jókòó wò wá léèrè irú bọ́ọ̀lù táwọn náà gbá. Ọmọkùnrin yẹn ti ní òun ń bọ̀ wá yà wá lẹ́ẹ̀kan sí i ní Sọ́ńdè tó ń bọ̀, mo sì ti sọ fún un pé ẹ̀gbẹ́ òkúta ni kó dúró sí.

Èmi ni,
Òǹkàwé yín láti Muṣin, Èkó.