Ojú tí Berger fi ọ̀bẹ gé

Olóòtú mi ọ̀wọ́n,

Àpilẹ̀kọ yín lórí John Berger, òǹkọ̀wé ọmọ ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì tó tún máa ń ṣàlàyé iṣẹ́ ọnà, dùn ún kà, àmọ́ ẹ ní gbogbo owó Booker, ẹ̀bùn ìwé ìtàn àròsọ, tó gbà ní 1972 ló kó fún Black Panther, ẹgbẹ́ tó ń jà fún ẹ̀tọ́ àwọn aláwọ̀ dúdú. Ìdajì ni. £5,000 lowó ọ̀hún. Ẹgbẹ́ náà ní London gba ìdajì. Ìdajì yòókù ló fi ṣe ìwádìí lórí àwọn àjèjì tó ń wá iṣẹ́ ṣe ní Yúróòpù. Òun ló di ìwé A Seventh Man ní 1975, tí Jean Mohr ya fọ́tò rẹ̀. Iléeṣẹ́ tó gbé ẹ̀bùn náà kalẹ̀ ti pẹ́ nídìí òwò ní Kàríbíánì, ojú wọn kòrókòró ni Berger sì ti sọ ìdí tó fi pín in bẹ́ẹ̀.

Èyí tó dùn mí jù ni pé gbólóhùn kan péré lẹ fún Ways of Seeing, ètò tẹlifíṣọ̀n alápá mẹ́rin tí BBC gbé sáfẹ́fẹ́ lọ́dún yẹn kan náà. Kí èkíní tó lọ jìnnà, Berger ti dúró síwájú àwòrán Venus, òrìṣà ìfẹ́, àti Mars, òrìṣà ogun, tí Botticelli ará Ítálì yà, ó fọ̀bẹ gé orí Venus kúrò lára rẹ̀. Ẹ̀dà ni o. Kò sóhun tó ṣe ojúlówó rẹ̀ ní National Gallery, ilé àwòrán ní London. Àmọ́ orí tó gé yẹn ti di àwòrán ọmọbìnrin kan lásán. Mars tó sùn fọnfọn lẹ́gbẹ̀ẹ́ rẹ̀ ti pòórá, ìtàn ti bá a lọ. Iṣẹ́ tí ẹni tó ń gé fọ́tò níléeṣẹ́ ìwé ìròyìn ń ṣe lójoojúmọ́ nìyẹn.

Nínú ìwé tí wọ́n fi ètò náà ṣe, ó fi àwòrán oko ọkà tí ẹyẹ ń fò lórí rẹ̀, èyí tí Van Gogh, ayàwòrán ará Netherlands, yà, hàn wá, ó ní ká wò ó dáadáa ká tó ṣí ewé. A ṣí i, a bá a níbẹ̀ pé àwòrán tó yà kẹ́yìn kó tó pa ara rẹ̀ nìyí. Kíá, ẹyẹ tó ń fò jẹ́ẹ́jẹ́ di ẹyẹ ikú. Ibi tó wá ládùn ni pé àlàyé yẹn gan-an kò dúró mọ́: Van Gogh Museum, ilé àkójọ iṣẹ́ rẹ̀, gbà pé àwòrán mìíràn, Tree Roots, ló ṣeé ṣe kó yà gbẹ̀yìn ní July 1890. Síbẹ̀, irọ́ tàbí òótọ́, ó ti ṣiṣẹ́ tirẹ̀ lójú wa.

Kẹ́ ẹ tó tẹ fọ́tò, ẹ bo àlàyé abẹ́ rẹ̀ mọ́lẹ̀. Ẹ kọ ohun tẹ́ ẹ rí sílẹ̀, bó ṣe wù kó kéré tó. Ẹ wá ṣí àlàyé náà, kẹ́ ẹ sì gbé odindi fọ́tò tí ẹnikẹ́ni ò tíì gé sẹ́gbẹ̀ẹ́ rẹ̀. Ohun tí àlàyé sọ tí kò sí nínú èyí tẹ́ ẹ kọ, ẹ bi í pé ta ló mú un wá.

Ẹ bẹ̀rẹ̀ látorí fọ́tò Berger tẹ́ ẹ lò. Ẹ gé e mọ́ àgbọ̀n, ẹ sì kọ "alátakò" sábẹ́ rẹ̀.

Òǹkàwé yín,
Ìbàdàn