Kí Ẹ Tó Wọ Aṣọ Òfì Lọ Síbẹ̀: Lẹ́tà sí Àwọn Ọ̀dọ́ Wa ní Chicago

Ẹ̀yin ọmọ mi,

Mo kí yín o. Mo kí ẹ̀yin tí wọ́n bí síhìn-ín, mo sì kí ẹ̀yin tí ẹ ṣẹ̀ṣẹ̀ dé, tí ẹ ń kọ́ bí wọ́n ṣe ń wọ ẹ̀wù mẹ́ta léra nígbà òtútù. Ìwé ńkọ́? Iṣẹ́ ńkọ́? Ẹ kú ìrọ́jú.

Ìwé ìpè tí ẹ fi ránṣẹ́ sí mi lórí WhatsApp ti tẹ̀ mí lọ́wọ́. Ilé-iṣẹ́ kan ní ìgboro ní kí ẹ wá lùlù, kí ẹ wá jó, kí ẹ wọ aṣọ òfì, kí àwọn òṣìṣẹ́ wọn lè rí Áfíríkà wò lásìkò oúnjẹ ọ̀sán. Wọn ò mẹ́nu ba owó. Ẹ̀yin náà ti pín sí méjì lórí ọ̀rọ̀ yìí: àwọn kan ní àǹfààní ni, kí ayé lè mọ̀ wá, àwọn kan ní ìwọ̀sí ni. Ẹnì kan tiẹ̀ kọ ọ́ pé bí wọ́n bá gbọ́ gángan, wọ́n á rò pé inú igbó la ti wá. Ẹ wá ní kí bàbá dá sí i. Màá dá sí i, àmọ́ ẹ jẹ́ kí n kọ́kọ́ mú yín dé Jackson Park, níbi tí ẹ ti máa ń sun ẹran jẹ ní gbogbo ìgbà ẹ̀ẹ̀rùn láìbéèrè ohun tó ti ṣẹlẹ̀ lórí koríko yẹn.

Àbàtà àti yanrìn ni ibẹ̀ tẹ́lẹ̀. Ní 1869 ni ìjọba ìpínlẹ̀ Illinois dá ìgbìmọ̀ ọgbà ìgbafẹ́ ìhà gúúsù Chicago sílẹ̀. Ìgbìmọ̀ yìí gbé iṣẹ́ fún Frederick Law Olmsted àti Calvert Vaux, àwọn méjì tó ṣètò Central Park ní New York. Wọ́n ya àwòrán rẹ̀ tán ní 1871. Oṣù kẹwàá ọdún yẹn gan-an ni iná ńlá jó ìlú Chicago, ọ̀rọ̀ ọgbà ìgbafẹ́ sì di ọ̀rọ̀ ẹ̀yìn. Díẹ̀díẹ̀ ni wọ́n ṣe apá ìwọ̀-oòrùn, tí à ń pè ní Washington Park lónìí. Apá tó wà lẹ́bàá adágún Michigan, èyí tó pọ̀ jù níbẹ̀ wà bí Ọlọ́run ṣe dá a fún bí ogún ọdún.

Ìpàtẹ àgbáyé ló jí i. Amẹ́ríkà fẹ́ ṣàjọ̀dún 400 ọdún tí Columbus gúnlẹ̀, New York àti Chicago sì ń du ẹni tí yóò gbàlejò, Chicago borí. 1892 ló yẹ kó jẹ́, àmọ́ iṣẹ́ ò parí, ó di ọjọ́ kìíní oṣù karùn-ún 1893 kí Ààrẹ Grover Cleveland tó tẹ bọ́tìnnì tó ṣí i. (Ẹ má rò pé àwa Yorùbá nìkan la máa ń pẹ́ dé òde.) Daniel Burnham ni olórí iṣẹ́ ilé. Olmsted, tó ti ń darúgbó, tí ara rẹ̀ ò sì le, padà wá sí ilẹ̀ tó ti yàwòrán rẹ̀ nígbà àárọ̀ ọjọ́: ó ní kí wọ́n gbẹ́ àbàtà náà di ọ̀sà, kí wọ́n sì fi ẹrẹ̀ tí wọ́n bá wú jáde ṣe ilẹ̀ gíga tí ilé yóò dúró lé. Ó fi erékùṣù kan sílẹ̀ láàárín omi fún igi àti ẹyẹ; ibẹ̀ ni Japan kọ́ ilé tirẹ̀ sí.

Ẹ̀yin tí ẹ mọ P.O.P. tí wọ́n fi ń ṣe àjà ilé ní Lẹ́kkí, ẹ ti mọ ohun tí wọ́n fi kọ́ ìlú ńlá yẹn. Irin àti pákó ni egungun rẹ̀. Èyí tí ojú ń rí, ẹfun P.O.P. ni, pẹ̀lú sìmẹ́ǹtì díẹ̀ àti okùn tí wọ́n fi ń hun àpò kòkó. Wọ́n á pò ó pọ̀, wọ́n á dà á sínú àpẹrẹ, bó bá gbẹ wọ́n á kàn án mọ́ pákó. Wọ́n wá fi ẹ̀rọ afẹ́fẹ́ fọ́n ọ̀dà funfun sí i. Ẹni tó bá wò ó lókèèrè á rò pé òkúta mábù ni. Ìlú Funfun ni wọ́n ń pè é. Lálẹ́, iná mànàmáná ilé-iṣẹ́ Westinghouse á tàn yòò lórí omi, ọ̀pọ̀ nínú àwọn tó wá ni kò rí irú rẹ̀ rí. Kẹ̀kẹ́ ràgàjì tí George Ferris ṣe, tó ń yí èrò lọ sókè sódò, ga ní ẹsẹ̀ bàtà 264. Yàrá 36 ló so mọ́ ọn, ènìyàn 60 sì lè wọ ọ̀kọ̀ọ̀kan. Sẹ́ǹtì 50 ni owó ìwọlé ìpàtẹ náà, sẹ́ǹtì 50 mìíràn sì ni owó kẹ̀kẹ́. Láàárín oṣù mẹ́fà, wọ́n ka ẹsẹ̀ tó lé ní mílíọ̀nù 27 tó gba ẹnu ọ̀nà wọlé, nígbà tí gbogbo ará Amẹ́ríkà ò ju bíi mílíọ̀nù 63 lọ.

Ọjọ́ méjì kí wọ́n tó kógbá sílé ni wọ́n yìnbọn pa Carter Harrison, olórí ìlú Chicago, nínú ilé rẹ̀, ìnáwó ìkádìí sì di òkú sísin. Nígbà tó di oṣù keje 1894, iná jó èyí tó pọ̀ jù nínú ilé ẹfun wọ̀nyẹn. Ọ̀kan ṣì dúró níbẹ̀ dòní: ilé iṣẹ́ ọnà. Àwọn tó yá wọn ní àwòrán olówó iyebíye ò gbà kí wọ́n kó o sínú ilé tó lè jóná, ni wọ́n bá fi bíríkì mọ ọ́n. Òun ni Mùsíọ́ọ̀mù Sáyẹ́ǹsì àti Iṣẹ́-ọwọ́ tí ilé ẹ̀kọ́ yín máa ń kó yín lọ.

Ibi tí mo ń bọ̀ gan-an wá kàn. Láti Jackson Park, ọ̀nà tẹ́ẹ́rẹ́ kan tó fẹ́rẹ̀ẹ́ gùn tó máìlì kan lọ sí ìwọ̀-oòrùn títí dé Washington Park. Midway ni. Koríko lásán ni lónìí, láàárín òpópónà 59 àti 60, àwọn ọmọ Yunifásítì Chicago máa ń gba bọ́ọ̀lù lórí rẹ̀. Ní 1893, ibẹ̀ ni wọ́n kó ìgbádùn àti àwọn "abúlé" ilẹ̀ òkèèrè sí, tí ènìyàn ń san owó ọ̀tọ̀ kó tó wọ̀ ọ́. Abúlé Dàhòmì, ìjọba tó wà níbi tí à ń pè ní orílẹ̀-èdè Benin lónìí, wà lápá ìkẹyìn, ó jìnnà sí Ìlú Funfun. Àwọn òǹkọ̀wé kan nígbà náà tilẹ̀ ń sọ pé bí ènìyàn bá ti ìhà yẹn rìn wá, á rí bí ọmọ aráyé ṣe gòkè láti orí ẹni ìsàlẹ̀ dé orí ẹni òkè.

Ará Dàhòmì tó lé ní 60, lọ́kùnrin lóbìnrin, ló wà níbẹ̀. Xavier Pené, ará Faransé, ló kó wọn wá. Wọ́n ń jó ijó ogun fún àwọn tó sanwó. Ẹ wo àsìkò tó bọ́ sí: oṣù kọkànlá 1892 ni ọmọ ogun Faransé wọ Abomey, olú-ìlú Dàhòmì, ní gbogbo ìgbà tí wọ́n fi ń jó ijó ogun yẹn ní Chicago, inú igbó ni Ọba Béhanzin wà tí Faransé ń lé e kiri, oṣù kìíní 1894 ló tó jọ̀wọ́ ara rẹ̀. Ogun tí wọ́n ń fi ṣeré fún èrò ìwòran ò tíì tán nílé.

Ọmọ Ẹ̀gbá ni mí. Àwọn bàbá ńlá mi bá Dàhòmì jà lẹ́yìn odi Abẹ́òkúta ní 1851, wọ́n tún bá wọn jà ní 1864, wọ́n sì lé wọn padà lẹ́ẹ̀mejèèjì. Kétu ò rí tirẹ̀ ṣe bẹ́ẹ̀: 1886 ni wọ́n fọ́ ọ, wọ́n kó àwọn ará ibẹ̀ lẹ́rú lọ, ìgbà tí Abomey ṣubú ni èyí tó kù nínú wọn tó padà wá tún ìlú wọn tẹ̀dó. Ẹnu mi gbà á kí n sọ pé ó tọ́ sí wọn. Mi ò ní í sọ ọ́. Ká ní Ẹ̀gbá ni Pené bá pàdé létíkun, pátákó kan náà ni wọn ìbá kọ sẹ́nu ọ̀nà, èrò ìwòran ò sì ní í mọ̀ pé ọ̀tọ̀ ni wá.

Nínú ọgbà kan náà yẹn, ilé mìíràn wà tó jẹ́ ti àwọn ènìyàn dúdú. Haiti kọ́ ilé tirẹ̀ sí àárín ilé àwọn orílẹ̀-èdè, ó ta àsíá rẹ̀ sí i, ó sì fúnra rẹ̀ yan ẹni tí yóò jókòó níbẹ̀ lórúkọ rẹ̀: Frederick Douglass, ẹni tó jẹ́ ẹrú nígbà èwe, tó sá mọ́ olówó rẹ̀ lọ́wọ́, tó padà di aṣojú Amẹ́ríkà ní Haiti. Àwọn dúdú Amẹ́ríkà fúnra wọn ò ní ilé kankan. Nígbà tí Amẹ́ríkà kọ́kọ́ yan ìgbìmọ̀ ìpàtẹ, kò fi dúdú kan ṣoṣo sí i. Ilé Haiti ni Bàbá Douglass fi ṣe ibùjókòó fún wọn, ó sì gba Paul Laurence Dunbar, akéwì ọmọ ọdún 21, síṣẹ́ níbẹ̀.

Ida B. Wells náà wá síbẹ̀. Ẹni ọdún 31 ni. Ọdún tó ṣáájú ni wọ́n ba ẹ̀rọ ìtẹ̀wé ìwé ìròyìn rẹ̀ jẹ́ ní Memphis, torí ó kọ̀wé nípa bí wọ́n ṣe ń so dúdú rọ̀ sórí igi láìgbẹ́jọ́. Òun, Douglass, Ferdinand Barnett àti Irvine Garland Penn kó owó jọ, wọ́n kọ ìwé pélébé kan tó ṣàlàyé ìdí tí dúdú Amẹ́ríkà ò fi sí nínú ìpàtẹ náà, wọ́n sì fi èdè Faransé àti Jámánì kún ọ̀rọ̀ ìṣáájú rẹ̀, kí àlejò lè kà á. Orí tábìlì ní ilé Haiti ni Wells ti ń fi lé àlejò lọ́wọ́, títí 10,000 fi tán.

Wọ́n wá ya ọjọ́ kan sọ́tọ̀ fún dúdú, 25 oṣù kẹjọ. Wells ní ẹ̀gàn ni, kò lọ. Ìwé ìròyìn apanilẹ́rìn-ín kan tilẹ̀ ya wá bí ẹni tí kò mọ̀ ju bàrà jíjẹ lọ. Bàbá Douglass ní òun á lọ. Nígbà tó ń sọ̀rọ̀, àwọn kan ń fi í ṣe yẹ̀yẹ́ láti ẹ̀yìn. Ó ju ìwé ọwọ́ rẹ̀ sílẹ̀, ó sì sọ fún wọn pé ìṣòro dúdú kọ́ ló wà nílẹ̀, bí kò ṣe bóyá ará Amẹ́ríkà ní òótọ́ inú tó láti pa òfin ara wọn mọ́. Wells ka ìròyìn rẹ̀ lọ́jọ́ kejì, ó gbéra, ó lọ bẹ bàbá. Òun fúnra rẹ̀ ló kọ ọ́ sínú ìtàn ayé rẹ̀. Ní tèmi, kò jẹ̀bi nígbà tó kọ̀. Douglass náà ò jẹ̀bi nígbà tó lọ. Ohun tó wù mí ni pé wọn ò torí rẹ̀ kúrò nínú iṣẹ́ tí wọ́n jọ ń ṣe. Ẹ̀yin tí ẹ ti yọ ara yín kúrò nínú gúrúùpù WhatsApp torí aṣọ òfì, ẹ gbọ́?

Ibì kan wà tí èmi àti Bàbá Douglass ò ti fọwọ́ so. Ó kọ ọ́ pé àfi bí ẹni fẹ́ dójú ti dúdú ni wọ́n ṣe kó ará Dàhòmì wá, kí ayé lè máa wò wọ́n bí ẹhànnà. Òótọ́ ni pé èrò àwọn tó kó wọn wá ò dára. Ṣùgbọ́n ìtìjú rẹ̀ gba ọ̀nà ọ̀dọ̀ àwọn tí wọ́n ń wò, kò dúró lọ́dọ̀ àwọn tó ń wòran. Ẹni tó wá jó, tó fẹ́ gba owó iṣẹ́ rẹ̀, kí ló ṣe? Ìwọ tó kọ ọ́ pé gángan á mú kí wọ́n rò pé inú igbó la ti wá, ọ̀nà yẹn ni ìwọ náà gbà.

Ẹnì kan ṣì kù, Nancy Green, tí wọ́n bí sóko ẹrú ní Kentucky. Ilé-iṣẹ́ ìyẹ̀fun kan gbà á kó máa dín àkàrà ìyẹ̀fun wọn níbẹ̀ lórúkọ Aunt Jemima, kó sì máa sọ̀tàn bí ayé oko ẹrú ṣe dùn tó. Ó mọ iṣẹ́ rẹ̀, ó gbowó rẹ̀, àmọ́ ẹlòmíì ló kọ ìtàn tó ń sọ. Ìtẹ́ òkú Oak Woods, nítòsí ọgbà yẹn, ni wọ́n sin ín sí, níbi tí Ida B. Wells náà sùn sí. 2020 ni sàréè Nancy Green tó ní òkúta orúkọ.

Nítorí náà, mi ò ní kí ẹ má lọ. Ẹ kọ̀wé sí ilé-iṣẹ́ náà. Ẹ bi wọ́n pé ta ni yóò di gbohùngbohùn mú: bí kì í bá ṣe ọ̀kan nínú yín, ẹ má lọ. Ẹ ní ẹ̀yin lẹ máa kọ ohun tí wọ́n á lẹ̀ mọ́ ẹnu ọ̀nà, pé Yorùbá ni wọ́n á kọ, kì í ṣe Áfíríkà lásán. Ẹ ní onílù ń gbowó. Ẹ dárúkọ iye, ẹ má tijú. Kí ọ̀kan nínú yín tó mọ ìtàn ìlù sọ̀rọ̀ fún ìṣẹ́jú mẹ́wàá kí ijó tó bẹ̀rẹ̀, ì báà jẹ́ pé oúnjẹ wà lẹ́nu wọn. Bí wọ́n bá gbà, èmi náà á gbé agbádá wọ̀, màá tẹ̀ lé yín. Bí wọ́n bá kọ̀, gbọ̀ngàn ẹgbẹ́ wa wà níbẹ̀: ẹ pè wọ́n wá síbẹ̀ lọ́jọ́ Sunday, kí àwa náà gba owó ìwọlé lọ́wọ́ wọn.

Ẹ pàdé mi ní Jackson Park lọ́jọ́ Sátidé, aago mẹ́wàá àárọ̀, lẹ́bàá ère obìnrin oníwúrà tí wọ́n gbé síbẹ̀ ní 1918 ní ìrántí ìpàtẹ náà. A ó rìn dé erékùṣù, a ó sì gba Midway kọjá, nítorí náà ẹ wọ bàtà tó ṣeé fi rìn. Ẹ mú lẹ́tà tí ẹ fẹ́ fi dá wọn lóhùn dání. Ìyá yín ní òun á dín dòdò.

Èmi ni,
Bàbá yín ní South Side