Kó o tó gun òkè Jos lọ

Ọmọ mi, òkun o,

Mo ti rí mẹ́séèjì ẹ pé ìpínlẹ̀ Plateau ni NYSC pósìtì ẹ sí, káàǹpù Mangu, inú ẹ ò sì dùn torí Èkó lò ń retí. Jọ̀ọ́, gbọ́ tèmi ná.

A ní òkè ní Kábbà lóòótọ́, àmọ́ ìlú wa gan-an ò fi 500 mítà ga ju ojú òkun lọ, Jos tó jẹ́ olú ìlú Plateau ti tó 1,200, orí Shere Hills tó wà lẹ́gbẹ̀ẹ́ ẹ̀ sì ju 1,800 lọ. Tí mọ́tò bá ti kọjá Akwanga tó bẹ̀rẹ̀ sí í gun òkè Hawan Kibo, kọ́nà lórí kọ́nà, wàá rí i pé atẹ́gùn ti yàtọ̀. Àwọn kan rò pé béèyàn bá ṣe ń sún mọ́ oòrùn ló ṣe yẹ kó máa gbóná, rárá o, afẹ́fẹ́ òkè fúyẹ́, kì í di ooru mú, téèyàn bá fi ẹgbẹ̀rún mítà gòkè, ooru á ti fi bíi dígírì 6 dínkù. Ìdí nìyẹn tí Lọ́kọ́ja tó wà nísàlẹ̀ létí odò fi ń jó wa lára. Ní Oṣù Kejìlá sí Oṣù Kíní, ọyẹ́ ibẹ̀ kì í ṣe irú tiwa yìí, òru lè wálẹ̀ dé dígírì 10. Súwẹ́tà méjì, ìbọ̀sẹ̀, búláńkẹ́ẹ̀tì tó nípọn, má sọ fún mi pé ẹrù ti pọ̀jù. Òtútù yẹn náà ló jẹ́ kí pòtétò ṣe dáadáa ní Mangu àti Bokkos. Orí òkè yẹn sì ni odò Kaduna àti Gongola ti ṣàn wá, ọ̀kan gba Ọya, ọ̀kan gba Bénúè, Lọ́kọ́ja wa náà lomi wọn ti ń pàdé.

Adágún tó o bá rí nítòsí Jos, má wẹ̀ níbẹ̀ o. Ihò tí wọ́n gbẹ́ nígbà tí wọ́n ń wa tin láyé òyìnbó ló pọ̀ jù nínú wọn, ó máa ń jìn lójijì, ó sì ti gbẹ̀mí ọmọ ọlọ́mọ.

Èyí tó jẹ mí lógún jù ni tàwọn èèyàn. Má pe gbogbo wọn ní Haúsá. Ìkànìyàn 2006 ka èèyàn tó lé ní mílíọ̀nù 3 ní Plateau, èdè wọn sì lé ní 40, Berom, Ngas, Tarok, Afizere, àwọn Mwaghavul lo máa bá ní Mangu. Òkè ló gba ọ̀pọ̀ nínú wọn lọ́wọ́ àwọn ẹlẹ́ṣin tó ń kó ẹrú, bí àwọn baba ńlá wa náà ṣe sá gun orí àpáta nígbà ogun Nupé. O mọ bó ṣe máa ń dùn ẹ́ tí wọ́n bá ń bi ẹ́ ní Ìbàdàn pé ṣé Haúsá lẹ̀ ń sọ ní Kogi, bẹ́ẹ̀ Yorùbá ni wá, àwa Owé, Yàgbà, Ìjùmú, Bùnú, Ọ̀wọ́rọ̀ gan-an ò fẹ́ kí wọ́n da wá pọ̀. Kọ́ bí wọ́n ṣe ń kíra ní Mwaghavul kó o tó kọ́ nǹkan míì.

Rògbòdìyàn ti ṣẹlẹ̀ níbẹ̀, mi ò ní bò ó fún ẹ, torí náà tó o bá fẹ́ lọ sí abúlé kankan, bi lándílọ́ọ̀dù ẹ àtàwọn ará àdúgbò kọ́kọ́, má sì rin ìrìn alẹ́. Pe màmá ẹ láti Akwanga kí nẹ́tíwọ́ọ̀kì tó bẹ̀rẹ̀ wàhálà.

Bàbá ẹ